Abẹ́ Àtẹ̀gùn

Kọ̀ǹpútà alágbèéká kan tí ojú rẹ̀ ti fọ́ ni mo fi bẹ̀rẹ̀.
Ìbídàpọ̀ ló jókòó lé e nínú mọ́tò Òṣogbo,
ó ní kí n jù ú nù.
Mo ní ojú ló fọ́, ọpọlọ ò fọ́.
Mo tú u palẹ̀ lórí ẹní, mo fi búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín gbọn eruku inú rẹ̀,
mo gbé e sábẹ́ àtẹ̀gùn ilé bàbá wa ní Ìsọ̀nà, n'Iléṣà,
níbi tí kẹ́ẹ̀gì epo ń gbé tẹ́lẹ̀.
Lálẹ́ ọjọ́ náà ó bẹ̀rẹ̀ sí í mí.
Iná aláwọ̀ ewé kan, kékeré bí ojú èkúté,
ń ṣẹ́jú nínú òkùnkùn.
Màmá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ wò ó. "Kí ló ń ṣe?"
Mo ní, "Ó ń dúró dè wá."
Màmá ní ẹni tó kàn ń dúró kì í jẹ iná báyìí.

Ọdún kejì mo ra dísìkì lọ́wọ́ ọkùnrin kan lẹ́bàá ọjà Àtàkúmọ̀sà;
ó búra pé ẹnikẹ́ni ò tíì lò ó rí.
Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ó ń dún ká-ká-ká bí ẹni tí egungun há lọ́fun,
ó sì kó fọ́tò ọdún kan gbáko lọ.
Mo sunkún, kí n má purọ́.

Bàbá tó bí bàbá mi ṣe òṣómàálò.
Ó lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà onígbèsè láti Ilé-Olújìí dé Kàbà,
ìwé méjì ló sì ń kọ gbèsè sí:
ọ̀kan nínú àpò, ọ̀kan nínú àpótí,
torí òjò ò mọ̀wé, ikán ò mọ onígbèsè.
Mo lọ ṣí àpótí náà.
Mẹ́ta nínú wọn ò san án títí ó fi kú:
Adépọ̀jù, Ọmọ́yẹlé, Ṣàngótóyè.
Nígbà tí mo ra ẹ̀rọ mẹ́ta mìíràn, àlòkù ilé ìfowópamọ́,
orúkọ wọn ni mo fi sọ wọ́n.
Ẹ wá sìn ín, mo ní; ẹ fi iṣẹ́ san án.
Wẹ́dà fi irin bẹ́ẹ̀dì àtijọ́ ṣe pẹpẹ alájà mẹ́ta fún àwọn ìwọ̀fà mi.
Ohun tí Adépọ̀jù bá mọ̀, Ọmọ́yẹlé gbọ́dọ̀ mọ̀ ọ́n,
ẹ̀dà kẹta sì ń sùn ní Ifẹ̀, lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì àbúrò mi.

Iná ìjọba ń wá bí àlejò tí kò bọ́ bàtà.
Mo ra ínfátà; ínfátà ní bátìrì lòun ń fẹ́.
Bátìrì ní sólà. Sólà ní òrùlé tó le.
Òrùlé ní káfíńtà,
káfíńtà ní iyán.

Lóṣù Kẹsàn-án àrá kan sán, ó gba orí wáyà wọlé.
Nínú gbogbo wọn, Ṣàngótóyè ló pa.
Kò sẹ́ni tí mo lè sọ ọ́ fún tí kò ní rẹ́rìn-ín.

Ìyá Àgbà ṣì wà láyé nígbà tí mo gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀,
wákàtí mọ́kànlá, ikọ́ àti ìtàn àti wúrà tó ní òun rí lódò nígbà èwe;
ó ń pe ilé ní ulé, ó ń pe iṣu ní uṣu,
bí a ti ń sọ ọ́ kí ìwé tó wá bá wa.
Abẹ́ àtẹ̀gùn ló ń gbé báyìí,
ní ẹ̀dà mẹ́ta, ní ìlú méjì.

Lóru àná bátìrì tán pátápátá.
Ilé pa lọ́lọ́.
Mo gbọ́ ẹsẹ̀ Màmá lórí àtẹ̀gùn,
Màmá tó ti ń ṣírò owó iná sí mi létí láti ọdún mẹ́fà.
Ó tan tọ́ọ̀ṣì, ó fọwọ́ kan irin tútù náà.
"Kí ló dé tí wọn ò mí?"
Mo ní, "Ilẹ̀ ti ń mọ́ bọ̀. Oòrùn á jí wọn."
Kò padà lọ sùn.
Ó lóṣòó síbẹ̀
bí ẹni tó wá gba owó.